Oríkì Tí Mo Fún Èéfín

N kò ní kọ oríkì ọmọ mi síbí. Mo sọ ọ́ níbẹ̀rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà máa retí rẹ̀. N kò mọ ibi tí ẹni tí yóò ka ìwé yìí jókòó sí, n kò mọ̀ bóyá yóò kà á sókè, n kò sì mọ̀ bóyá ẹnì kan ń dáná níwájú ilé rẹ̀. Ẹni tí ejò bá ti bù ṣán rí, tó bá rí ekòló, sísá ni yóò sá. Ẹ bá mi fi ojo mi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Dapoya ni wọ́n bí mi sí, ní Wagadugu níbí, nínú àgbàlá kan tó kún fún àwọn ará Kétu bíi tiwa, tí àwọn bàbá wọn wá ṣe télọ̀ àti káfíńtà. Owú ìránṣọ àti síìpù ni mo ń tà ní ọjà Sankaryaré. Ọkọ mi jẹ́ ará Ògbómọ̀ṣọ́, ẹ̀yà ara mótò ló ń tà ní oríta Patte d'Oie, níbi tó jẹ́ pé tí o bá dúró fún wákàtí kan, ihò imú rẹ á dúdú bí ìdí ìkòkò. Àwọn aládùúgbò máa ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ pé ọkọ ń ta ohun tó ń rú èéfín, ìyàwó ń kó èéfín kúrò. Èmi náà máa ń bá wọn rẹ́rìn-ín nígbà náà.

Òótọ́ ni wọ́n ń sọ, torí ọmọ ẹgbẹ́ afohùnmọ ni mí. Bí amọ̀kòkò ṣe ń fi ọwọ́ mọ amọ̀, bẹ́ẹ̀ ni àwa ń fi ohùn mọ èéfín àti eruku. Ẹni tí kò bá rí wa rí á rò pé akọrin ṣọ́ọ̀ṣì ni wá tí a ṣìnà: àwa méje, aṣọ wa kò bára mu, a dúró sí ìdí ààtàn tó ń jó, a ń kọrin láìtíì jẹun. Èdè kálukú ni kálukú fi ń kọ ọ́. Mooré ló pọ̀ jù, Dioula wà níbẹ̀, èmi nìkan ni mo ń kọ ti Nàgó, bí wọ́n ṣe ń pe Yorùbá níbí. Èéfín kò bìkítà. Ohun tó mọ̀ kò ju ìyìn lọ.

Kíkì ni a ń kì í. Ẹni tó bá ní òun lè pàṣẹ fún èéfín, irọ́ ló ń pa. A ó sọ ibi tó ti wá, igi tó jẹ́ bàbá rẹ̀, táyà tó jẹ́ ìyá rẹ̀, bó ṣe gun òrùlé láìgba àkàbà, bó ṣe pa ẹni ńlá lẹ́kún láìfọwọ́ kàn án. Orí rẹ̀ á wú. Á kóra jọ, á dìde dúró, á ki bí ẹ̀kọ tó ti jinná, ìgbà náà ni a ó wá máa fi ohùn mọ ọ́n bí a bá ṣe fẹ́. A ó máa rìn lọ níwájú, òun á máa tẹ̀lé wa, títí dé kòtò ńlá kan lẹ́yìn baráàjì, omi ńlá tí wọ́n sé, níbi tí wọ́n ti wa yẹ̀pẹ̀ pupa tán. Ibẹ̀ ni a ó ti parí oríkì rẹ̀, òun náà á dùbúlẹ̀, á di ẹrẹ̀ dúdú. Òfin kan wà tí kò gba àwáwí: a kì í dá oríkì dúró láàárín. Ohun tí a bá kì tí a kò kì tán, inú á bí i, á já lu ẹni tó bá sún mọ́ ọn jù.

Obìnrin Mòósì arúgbó kan ni olórí wa. Yàábà ni gbogbo wa ń pè é, ìyẹn ìyá àgbà lédè wọn. Òun ló kọ́ mi. Ó ní ohùn mi dára, ṣùgbọ́n ẹnu mi ń yá ju orí mi lọ, pé lọ́jọ́ kan á kó bá mi. Mo dá a lóhùn pé ẹnu yìí náà ló ń bá mi tajà. Mo rò pé mo gbọ́n.

Ọmọ kan ṣoṣo ni mo bí, obìnrin. Nígbà tó jáde, kò ké. Agbẹ̀bí gbá a nídìí, ó dorí rẹ̀ kodò, pàbó. Ìyá ọkọ mi, tó ti Ògbómọ̀ṣọ́ wá nítorí ìbí náà, gba ọmọ lọ́wọ́ rẹ̀, ó gbé e sún mọ́ ẹnu, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kì í. Oríkì tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́ rí ni. Ibẹ̀ ló ti ń dá a, ó ń fi ti ilé wọn kún un, ó ń fi ohun tí ojú rẹ̀ rí lọ́nà kún un, ó ń bẹ̀ ẹ́, ó ń pọ́n ọn lé, bẹ́ẹ̀ ni omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Nígbà tó yá, ọmọ sín. Ó mí. Ìyá ọkọ mi kò padà sílé mọ́ láti ìgbà náà, oríkì yẹn sì di oúnjẹ àárọ̀ ọmọ mi. Tó bá jí, á kúnlẹ̀ níwájú ìyá àgbà rẹ̀, ìyá àgbà á kì í láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ọmọ á dìde, inú rẹ̀ á dùn ṣìnkìn, á wá lọ bọ́jú. Ọdún mẹ́fà gbáko ni mo fi gbọ́ ọ láràárọ̀. Bí wọ́n bá jí mi lójú oorun, mo lè kà á láìṣi ọ̀rọ̀ kan.

Ìgbà ọyẹ́ ni ọ̀rọ̀ náà ṣẹlẹ̀, nígbà tí eruku ti bo oòrùn, tí ètè gbogbo ènìyàn ń là. Àwọn táyà tí wọ́n kó jọ sẹ́yìn ọjà gbiná lọ́sàn-án. Ikọ́ ti dá Yàábà gúnlẹ̀, wọ́n bá ní kí èmi ṣáájú. Ẹni tó bá ṣáájú ni èéfín ń fetí sí. Àwọn yòókù kàn ń gbè é lẹ́yìn ni. Èmi náà ti ń wá irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ tipẹ́, kí n má purọ́.

Èéfín táyà wúwo. A kó o jọ, ó ga ju mọ́sálásí àdúgbò lọ, a sì ti fà á wọ títì tó lọ sí Dapoya nígbà tí ọ̀rọ̀ tán lẹ́nu mi. Mo ti ki bàbá rẹ̀, mo ti ki ìyá rẹ̀, mo ti kì í délé kì í dóko, kò sí nǹkan tó kù. Mo la ẹnu, afẹ́fẹ́ lásán ló jáde. Àsìkò yẹn gan-an ni agogo ilé ìwé kan lù nítòsí, àwọn ọmọ tú jáde sí títì pẹ̀lú báàgì lẹ́yìn wọn. Èéfín gbọ́ pé mo dákẹ́. Mo rí i tí orí rẹ̀ tẹ̀, tó ń wo ìsàlẹ̀, tó ń wo àwọn ọmọ náà. 

Ẹnu mi wá ọ̀rọ̀, ó mú èyí tó wà nítòsí. Oríkì ọmọ mi ni mo gbọ́ lẹ́nu ara mi. Mo kì í láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, mo tún bẹ̀rẹ̀, mo tún kì í dé òpin, gbogbo rẹ̀ pátá, fún èéfín táyà.

Èéfín náà gbà á. Mi ò rí irú rẹ̀ rí. Ara rẹ̀ rọ̀, ó nà gbọọrọ, ó tẹ̀lé mi wọ̀ọ̀ dé kòtò bí ọmọ tí ìyá rẹ̀ fà lọ́wọ́, kò sì sí ẹni tó húkọ́ lójú títì lọ́jọ́ náà. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi dì mọ́ mi, wọ́n ní bárkà, bárkà, pé àwọn kò gbọ́ Nàgó tó dùn tó bẹ́ẹ̀ rí. Kò sí ìkankan nínú wọn tó mọ ohun tí mo sọ. Èmi mọ̀ ọ́n. Mo dúpẹ́, mo rẹ́rìn-ín, mo ra ẹja díndín lọ sílé, mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n ní ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Tèmi kò bá mi dákẹ́.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo ń fọ abọ́ nínú àgbàlá. Ọmọ mi kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà yàrá, ìyá ọkọ mi jókòó lórí àpótí, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kì í. Obìnrin tó ń pọn dólò, ọtí ọkà bàbà, nínú àgbàlá kejì ti dáná igi, àwọn mótò sì ti ń kọjá ní títì. Mo rí èéfín tó gba orí ògiri wọlé. Ojoojúmọ́ ni èéfín máa ń gba orí ògiri wọlé sọ́dọ̀ wa, ta ló ń wò ó. Ṣùgbọ́n èyí kò fọ́nká. Ó gba àárín àgbàlá, ó kọjá lára mi láìfara kàn mí, ó kọjá lára aṣọ tí mo sá, ó lọ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ mi. Kò ga ju ọmọ náà lọ. Ó tẹ orí ba, ó ń gbọ́.

Ọmọ mi fa èémí sínú láti dá ìyá àgbà rẹ̀ lóhùn, ó sì fa èéfín náà wọlé. Ó húkọ́ títí ojú rẹ̀ fi pọ́n. Ìyá ọkọ mi ní àwọn onídólò yìí máa pa gbogbo wa dànù, ó gbá a lẹ́yìn, ó sì parí oríkì náà kó tó dìde, torí kì í ṣe obìnrin tó ń fi nǹkan sílẹ̀ lábọ̀. Mo dúró tàwo tàwo lọ́wọ́. Mo sọ fún ara mi pé afẹ́fẹ́ ni. Ní àárọ̀ ọjọ́ tó tẹ̀lé e, ó tún wá, ó sì dúró síbi tó dúró sí lánàá.

Nígbà tó di ọjọ́ kẹta, ètè ọmọ náà ti ń dúdú. Ọkọ mi gbé alùpùpù, mo jókòó sẹ́yìn, a há ọmọ sáàárín wa, a gbé e lọ sí ọsibítù. Wọ́n fi ike bo imú òun ẹnu rẹ̀. Dókítà bi wá bóyá èédú la fi ń dáná nínú yàrá. Ọkọ mi ní rárá. Àyà ọmọ ń dún fín-ín, fín-ín, mo sì ń ka ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ̀rù ń bà mí pé èyí tó kàn lè má dún. Ṣé ẹ mọ ohun tó wá bà mí lẹ́rù jù? Ara rẹ̀ yá. Láàárín ọjọ́ méjì tó lò lórí bẹ́ẹ̀dì yẹn, níbi tí kò ti sí ẹni tó ń kì í, ara rẹ̀ yá, ó béèrè búrẹ́dì. Ìgbà yẹn ni mi ò lè tan ara mi jẹ mọ́.

Mo lọ bá Yàábà lórí ẹní rẹ̀, mo jẹ́wọ́. Mo ti múra sílẹ̀ fún èébú, ì bá sàn kó bú mi. Ó ní kí n jókòó. Ó ní ohun tí a bá fi yin nǹkan ti di ti nǹkan ọ̀hún. Mo bi í bóyá mo lè gbà á padà.

Ó ní, “Ṣé o lè gba òkèlè padà lọ́wọ́ ẹni tó ti gbé e mì?”

Ó wá ṣàlàyé fún mi pé èéfín náà kò bínú sí ẹnikẹ́ni. Wọ́n pè é, ó dáhùn. Ọmọ mi náà, wọ́n pè é, ó dáhùn. Àwọn méjèèjì ń jẹ́ ìpè kan náà lójú kan náà, ẹnu ọmọ ni ọ̀nà tó sún mọ́ ọn jù. Ó ní kí n má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni pe oríkì yẹn níbi tí ọmọ náà bá wà mọ́ láyé, kí èmi náà má sì kọ́ ẹnikẹ́ni nínú ẹgbẹ́.

Sísọ ọ́ rọrùn. Ẹ wá bá mi sọ fún ìyá Ògbómọ̀ṣọ́ pé kó má ki ọmọ ọmọ rẹ̀ mọ́. Mo kúnlẹ̀, mo rò ó fún un láti orí dé ìdí. Ó gbọ́ mi tán, ó ní òun mọ̀ pé ará oko ni àwọn lójú àwa tí wọ́n bí sí Wagadugu. Ó ní ọmọ tí a kò bá kì, ta ni yóò sọ fún un pé ilé kan wà lẹ́yìn rẹ̀? Ó ní oríkì yẹn lòun fi já ọmọ gbà lọ́wọ́ ikú lójú mi kòrókòró, ṣé èmi ni mo wá fẹ́ sọ fún òun pé òun kan náà lòun ń fi pa á? Ọ̀rọ̀ náà gún mi dé egungun. Ọkọ mi ní kí n fi ìyá òun lọ́rùn sílẹ̀, pé dókítà ti ní ọyẹ́ ni.

A gbé ọmọ délé. Ní àárọ̀ kejì, mo wà nídìí agbada, mo ń po ìyẹ̀fun tí mo fẹ́ fi dín nǹkan tí yóò gbé lọ sílé ìwé. Ọmọ mi jáde, ó kúnlẹ̀. Mo rí ẹnu ìyá ọkọ mi tó là. N kò mọ bí mo ṣe dé ibẹ̀. Àtẹ́lẹwọ́ mi tó kún fún ìyẹ̀fun ni mo fi bo ẹnu ìyá tó bí ọkọ mi, mo sì tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn.

Ẹ̀yin tí ẹ bá jẹ́ ọmọ Yorùbá mọ ohun tí mo ṣe.  Ìyá ọkọ mi kò bá mi jà, kò tì mí, ojú ló ń fi wò mí lókè ọwọ́ mi. Ọkọ mi jáde, ó ní kí n lọ di ẹrù mi. Ohùn rẹ̀ kò lọ sókè rárá, ìyẹn ló fi yé mi pé ó dá a lójú. Mo yíràá nílẹ̀ níwájú ìyá ọkọ mi, ìyẹ̀fun, eruku, gbogbo rẹ̀ lẹ̀ mọ́ mi lára.

Mo ní, “Mama, ẹ jẹ́ kí ọmọ lọ sílé ìwé ná. Tó bá ti lọ, kí ẹ kì í níbí yìí, kí ẹ rí ẹni tó máa dáhùn. Tí kò bá sí ẹni tó dáhùn, ilé bàbá mi ni màá sùn lónìí.”

Ó nu ẹnu rẹ̀. Ó gbà, torí ó dá a lójú pé màá lọ.

Nígbà tí ọkọ mi ti gbé ọmọ lọ tó sì padà dé, ìyá ọkọ mi jókòó sórí àpótí rẹ̀, ó gbé ojú kúrò lára mi, ó bẹ̀rẹ̀. Ìbínú wà nínú rẹ̀, ó ń kì í kíkankíkan. Kò tíì lọ jìnnà tí èéfín fi gba orí ògiri wọlé. Ó gba àárín àgbàlá, ó wá síwájú rẹ̀, ó rẹ ara rẹ̀ sílẹ̀ títí ó fi ga tó ọmọ tó kúnlẹ̀. Orí ni mo rí, èjìká ni mo rí. Ọkọ mi fi ẹ̀yìn ti ògiri. Ìyá ọkọ mi dákẹ́.

Ojú ẹsẹ̀ ni orí èéfín náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Mo ní, “Ẹ má dákẹ́, Mama, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹ kì í tán.”

Ó kì í tán. Ó ń ki èéfín bíi pé ọmọ ọmọ rẹ̀ ni, pẹ̀lú gbogbo ẹ̀bẹ̀ tó wà nínú oríkì yẹn, pé kó dúró ti àwọn, kó má padà lẹ́yìn àwọn. Nígbà tó parí, èéfín náà dìde, ó gba ibi tó gbà wá lọ. Arúgbó náà jókòó síbẹ̀ títí wọ́n fi pe ìrun ọ̀sán. Ohun tó kọ́kọ́ bi mí ni bóyá èéfín gbọ́ Yorùbá. Lẹ́yìn náà ó sọ fún ọmọ rẹ̀ pé kó jẹ́ kí n tú ẹrù mi. Kò kà á mọ́ láti ọjọ́ náà.

Èyí tó kù ni ọmọ. Láràárọ̀ ló ń jáde, tó ń kúnlẹ̀, tó ń dúró. Ìyá àgbà rẹ̀ á ní, “O jíire, dìde.” Kò ní í dìde. Á gbé ojú sókè, á máa retí, títí màá fi fa apá rẹ̀. Ó bi mí ní ẹ̀ẹ̀kan kí lòun ṣe tí wọn kò fi ń kí òun dáadáa mọ́. Mo ní kò ṣe nǹkan kan. A kò lè sọ fún un. Ẹ sọ fún ọmọ ọdún mẹ́fà pé nǹkan kan wà tí kò gbọ́dọ̀ sọ, ẹ̀yìn ilé ni yóò ti lọ sọ ọ́. Mo máa ń lúgọ sẹ́yìn ilẹ̀kùn tó bá ń ṣeré, mo ń tẹ́tí sí i bóyá ó ń ki ara rẹ̀. Ìyá ọkọ mi gbìyànjú láti dá òmíràn fún un. Ọ̀rọ̀ kò wá. Ó ní ikú ló fún òun ní ti àkọ́kọ́, òun kò sì fẹ́ kó tún wá fún òun ní èkejì.

Mo fẹ́ kúrò nínú ẹgbẹ́, àmọ́ èéfín kò jẹ́. Látìgbà tó ti jẹ oríkì yẹn, kò sí ìyìn mìíràn tó ń wù ú ní agbègbè wa. Bí àwọn ẹlẹgbẹ́ mi bá kì í, á kọ̀, á já lé àwọn ilé Dapoya lórí, gbogbo àdúgbò á máa húkọ́, ọmọ mi tí àyà rẹ̀ kò le náà á máa húkọ́. Tí n kò bá kì í, á pa á. Tí mo bá kì í nítòsí rẹ̀, á pa á. Mo wá ń ṣe é ní àsìkò ilé ìwé nìkan, lápá ibi baráàjì, tí mo bá ti rí i dájú pé ọmọ wà nínú kíláàsì. Màá fi ohùn dídùn ki èéfín ní ohun tí wọ́n fi mú ọmọ mi wá sáyé, màá padà sílé, màá sọ fún ọmọ náà pé ó káàbọ̀, ó tán.

Nígbà tí ọyẹ́ mìíràn dé, ààtàn ẹ̀bá baráàjì gbiná. Eruku pọ̀ láàárọ̀ náà débi pé a kò rí òdìkejì títì. Ohun tí n kò mọ̀ ni pé ilé ìwé ti lé àwọn ọmọ sílé nítorí eruku náà, ìyá ọkọ mi ti lọ mú ọmọ mi, wọ́n sì ń gba ọ̀nà baráàjì bọ̀. Mo ti wọ àárín oríkì, èéfín ti dìde lẹ́yìn mi, nígbà tí mo wo apá ọ̀tún mi. Ọmọ mi ti sáré ṣáájú ìyá àgbà rẹ̀. Ó wà lẹ́bàá títì, kò tó ogún ìṣísẹ̀ sí mi, báàgì lẹ́yìn rẹ̀. Ó kúnlẹ̀ sínú yẹ̀pẹ̀. Ó gbé ojú sókè, ó ń rẹ́rìn-ín. Odindi ọdún kan ni kò ti gbọ́ oríkì rẹ̀.

Èéfín bẹ̀rẹ̀ sí í yí orí sápá ibẹ̀. Ó mọ ibi tó máa ń dúró sí.

Mi ò lè dákẹ́, á já lù ú. Mi ò lè sáré lọ gbé e, á tẹ̀lé mi dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Mi ò lè pariwo pé kó sá, oríkì kún ẹnu mi.  Mo kọ ẹ̀yìn sí ọmọ mi. Gbogbo adùn tí Ọlọ́run fi sí mi lọ́fun ni mo kó jáde fún èéfín, kó lè jẹ́ èmi nìkan ni yóò máa fetí sí, mo sì ń rìn lọ.

Mo gbọ́ ọ lẹ́yìn mi. Ó ní, “Màmá, èmi nìyí.”

Mo ń rìn lọ. Ó tún sọ ọ́, ó fi ariwo sí i, ó rò pé n kò rí òun ni. Èéfín dúró díẹ̀. Mo gbé ohùn sókè, mo ki orí, mo ki ọrùn, mo pè é ní ohun tí wọ́n kì í pe nǹkan mìíràn bí kò ṣe ọmọ. Ó tẹ̀lé mi. N kò bojú wẹ̀yìn títí mo fi dé kòtò, tí mo fi kì í tán, tó fi dùbúlẹ̀.

Nígbà tí mo sáré dé ilé, ọmọ mi wà lórí ẹní, ó ń jẹ búrẹ́dì. Mo gbé etí lé e láyà. Kò sí fín-ín, fín-ín kankan níbẹ̀. Mo wá sọ gbogbo rẹ̀ fún un, ohun tí mo ti fi pa mọ́ látọjọ́ yìí, ìyá àgbà rẹ̀ ń bá mi tún un ṣe níbi tí ẹkún bá ti gbà á lẹ́nu mi. Mo ní mo rí i. Mo ní torí mo rí i ni mo ṣe kọ ẹ̀yìn sí i. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀, kò bi wá ní nǹkan kan. Ó ní dakọ́ọ̀, ìyẹn ó dáa lédè Faransé, ó sì ń jẹ búrẹ́dì rẹ̀ lọ.

Láti àárọ̀ ọjọ́ kejì, ìdúró ló ń kí wa. Á ti wọṣọ, á ti gbé báàgì kọ́ ẹ̀yìn, á dúró lẹ́nu ọ̀nà, á ní, “Ẹ káàárọ̀.” Ìyá ọkọ mi, tó ti fa ọmọ ọlọ́mọ létí rí nítorí pé kò kúnlẹ̀ kí òun, kò bá a wí. Èmi náà kò ní kó kúnlẹ̀. Mo ń fetí sí èémí rẹ̀, bó ṣe ń wọlé, bó ṣe ń jáde, geere. Mo ní, “O jíire.” Ó sì ti ń lọ.